Ta Ni Ó Ni Ọmọ? Ìtàn Bí Òfin Ilẹ̀ Íńdíà Ti Ń Wá Ìsọ̀rí Ìbí Ọmọ Tí Baba àti Ìyá Rẹ̀ Kò Ti Inú Ìsọ̀rí Kan Náà Wá

Olúkúlùkù olùkọ́ tí ó ti kọ́ ọmọ ní Ìwé Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì ni ó mọ ìtàn Tímótíù. Ìyá rẹ̀ jẹ́ Júù tí ó gbàgbọ́, baba rẹ̀ sì jẹ́ ará Gíríìkì, gbogbo àwọn Júù agbègbè náà sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Nígbà tí Pọ́ọ̀lù fẹ́ mú un lọ sí ìrìn-àjò, ó kọ́kọ́ kọ ọ́ ní ilà nítorí wọn. Àwọn ọmọ ilé-ìwé a máa bèèrè ìdí rẹ̀, nígbà tí ó jẹ́ pé Pọ́ọ̀lù kan náà ni ó ti ń wàásù pé ilà kò ṣe nǹkan kan. Ìbéèrè náà dára, ìdáhùn rẹ̀ sì rọrùn: ọmọ tí òbí rẹ̀ ti inú ènìyàn méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ wá kì í tìkára rẹ̀ sọ ibi tí òun wà, àwọn ẹlòmíràn ni í sọ ọ́ fún un.

Ní ilẹ̀ Íńdíà, ọ̀ràn yìí kì í ṣe ti ọ̀dọ́mọkùnrin kan péré. Ó ti wà níwájú àwọn amòfin láti ìgbà tí a ti ń kọ ìwé sára ewé ọ̀pẹ, ó sì wà níwájú àwọn adájọ́ títí di ọ̀rúndún tí a wà nínú rẹ̀ yìí. Ohun tí mo fẹ́ fi hàn níhìn-ín ni ọ̀nà tí ìdáhùn náà gbà yí padà: bí ó ti kúrò ní orí ìbéèrè pé irú-ọmọ ta ni, tí ó sì ń rìn díẹ̀díẹ̀, pẹ̀lú ọ̀pọ̀lọpọ̀ ìkọsẹ̀, lọ sí orí ìbéèrè pé ta ni ó tọ́ ọmọ náà, ta ni ó sì ń bá a jẹun.

Kí a tó lọ jìnnà, ó yẹ kí a mọ ohun tí a ń pè ní ìsọ̀rí ìbí. Kì í ṣe ẹ̀yà bí Ìjẹ̀bú àti Ẹ̀gbá ti jẹ́ ẹ̀yà, nítorí àwọn ènìyàn ìsọ̀rí púpọ̀ a máa gbé ìlú kan náà, wọn a máa sọ èdè kan náà, wọn a sì máa bọ òrìṣà kan náà. Kì í sì í ṣe ipò ọlọ́rọ̀ àti tálákà, nítorí Brahmin tí kò ní kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ṣì jẹ́ Brahmin. Inú ìsọ̀rí ni a bí ènìyàn sí, inú rẹ̀ ni a ń retí pé kí ó ti gbéyàwó, inú rẹ̀ ni ó sì ń kú sí. Àwọn ìwé àtijọ́ ti àwọn Híńdù ka ìsọ̀rí ńlá mẹ́rin: Brahmin, tí í ṣe àlùfáà àti olùkọ́, Kshatriya, tí í ṣe jagunjagun àti ọba, Vaishya, tí í ṣe oníṣòwò àti àgbẹ̀, àti Shudra, tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti sin àwọn mẹ́ta ìṣáájú. Lábẹ́ gbogbo wọn ni àwọn tí a kò kà mọ́ ẹnikẹ́ni wà, àwọn aláìfọwọ́kàn, tí a ń sọ pé bí ọwọ́ wọn bá kan ènìyàn, a ti sọ onítọ̀hún di aláìmọ́. Àwọn ni wọ́n ń kó ìgbẹ́, àwọn ni wọ́n ń bó awọ òkú màlúù, wọn kò sì gbọdọ̀ pọn omi nínú kànga tí àwọn yòókù ń pọn. Ṣùgbọ́n inú ìwé ni ìsọ̀rí mẹ́rin wọ̀nyí wà ju inú ìlú lọ. Ní ìgbé-ayé ojoojúmọ́, ẹgbẹẹgbẹ̀rún ìsọ̀rí kéékèèké ni ó wà, olúkúlùkù pẹ̀lú orúkọ àti àṣà tirẹ̀.

Nínú ìwé òfin tí a fi orúkọ Manu pè, tí ó ti tó nǹkan bí 2,000 ọdún, a rí bí àwọn àgbà ìgbà náà ti ṣe ìṣirò ọmọ. Bí ọkùnrin ìsọ̀rí òkè bá fẹ́ obìnrin ìsọ̀rí ìsàlẹ̀, wọ́n ní ìgbéyàwó náà bá irun lọ, bí ìgbà tí ènìyàn bá fi ọwọ́ pa ẹranko lára láti orí lọ sí ìrù. Bí ó bá jẹ́ pé obìnrin ni ó ga, wọ́n ní ó lòdì sí irun. Ọmọ irú ìgbéyàwó àkọ́kọ́ kò tó baba rẹ̀, ṣùgbọ́n a rí ibi fún un: ọmọ tí obìnrin Vaishya bí fún Brahmin ni Ambashtha, èyí tí obìnrin Shudra bí fún un ni Nishada. Ní ti irú kejì, ìjìyà ni ó dé. Ọmọ tí obìnrin Brahmin bá bí fún Shudra ni Chandala, ẹni tí ó rẹlẹ̀ jù lọ nínú ènìyàn, tí yóò máa gbé ẹ̀yìn ìlú, tí yóò máa wọ aṣọ tí a bọ́ lára òkú, tí yóò sì máa jẹun nínú àwo fífọ́.

Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ níbí. Àwọn amòfin wọ̀nyí rí i pé ìsọ̀rí tí ó wà ní ìlú pọ̀ ju mẹ́rin lọ, wọ́n sì ní láti sọ ibi tí àwọn yòókù ti wá. Ìdáhùn wọn ni pé láti inú ìdàpọ̀ tí kò tọ́ ni wọ́n ti wá. Pé ẹni tí ń gbé ẹ̀yìn ìlú ń gbé ibẹ̀ nítorí pé ìyá-ńlá rẹ̀ kan ti ṣìnà rí. Báyìí ni a ṣe sọ ọmọ di ẹ̀rí ẹ̀ṣẹ̀, tí a sì fi ìtàn kan dá ẹ̀rù ba gbogbo obìnrin. Bákan náà ni ọ̀ràn ogún. Bí Brahmin bá ní aya láti inú ìsọ̀rí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, Manu pín ohun-ìní rẹ̀ sí ọ̀nà 10: ọmọ obìnrin Brahmin gba 4, ọmọ obìnrin Kshatriya gba 3, ọmọ obìnrin Vaishya gba 2, ọmọ obìnrin Shudra gba 1. Baba kan náà ni ó bí wọn. Ìyá ni òṣùwọ̀n tí a fi ń bù kúrò nínú ohun tí ó tọ́ sí ọmọ.

Ìwé lásán ni èyí ì bá jẹ́, tí àwọn ọ̀mọ̀wé ì bá máa jiyàn lé lórí. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹgbẹ́ oníṣòwò Gẹ̀ẹ́sì di olórí ní Bengal, Warren Hastings tí í ṣe gómìnà ṣe ètò ní 1772 pé kí a máa fi ìwé mímọ́ àwọn Híńdù dá ẹjọ́ ìgbéyàwó, ogún àti ìsọ̀rí láàárín wọn, kí a sì máa fi Kùránì dá ti àwọn Mùsùlùmí. Èrò rẹ̀ ni pé kí a má ṣe dí ènìyàn lọ́wọ́ nínú àṣà wọn. Ohun tí ó ti ibẹ̀ jáde ni pé ọ̀rọ̀ ìwé àtijọ́ wọ inú kóòtù, níbi tí akọ̀wé ti ń kọ ọ́ sílẹ̀ tí ọlọ́pàá sì wà láti mú un ṣẹ. Ní Bombay ní 1912, ilé-ẹjọ́ sọ pé ìgbéyàwó obìnrin Brahmin pẹ̀lú ọkùnrin Shudra kì í ṣe ìgbéyàwó rárá. Ní 1922, ilé-ẹjọ́ ìlú kan náà gba ti ọkùnrin Vaishya tí ó fẹ́ obìnrin Shudra. Irun tí Manu fi ṣe àpèjúwe ṣì ń darí àwọn adájọ́ tí ń jókòó lábẹ́ adé Gẹ̀ẹ́sì. Ẹni tí ó bá fẹ́ gba ọ̀nà mìíràn ní òfin ìgbéyàwó ti 1872, tí Keshub Chunder Sen àti àwọn ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ ní Brahmo Samaj jà fún. Ṣùgbọ́n ọkọ àti aya ní láti kọ́kọ́ jẹ́wọ́ pé àwọn kì í ṣe Híńdù, bẹ́ẹ̀ ni àwọn kì í ṣe Mùsùlùmí tàbí Kristẹni. Vithalbhai Patel gbé àbá kan kalẹ̀ ní 1918 láti tún un ṣe, kò sì já sí òfin. Àtúnṣe díẹ̀ dé ní 1923. Ó di 1949, lẹ́yìn òmìnira, kí òfin tó sọ gbangba pé ìyàtọ̀ ìsọ̀rí kò lè ba ìgbéyàwó Híńdù kankan jẹ́ mọ́, ìbáà ṣe èyí tí a ti ṣe sẹ́yìn tàbí èyí tí ń bọ̀.

Ní báyìí, a ti fún baba àti ìyá ní ìwé-ẹ̀rí ìgbéyàwó. Ó ku ọmọ.

Ní 1932, Mahatma Gandhi gbààwẹ̀ nínú ẹ̀wọ̀n Yerwada ní Poona lòdì sí ètò tí yóò mú kí àwọn aláìfọwọ́kàn máa dìbò lọ́tọ̀. Dókítà Bhimrao Ambedkar, tí í ṣe agbẹnusọ wọn, fọwọ́ sí àdéhùn ní ọjọ́ 24 oṣù kẹsàn-án ọdún náà: wọn yóò dìbò pọ̀ pẹ̀lú àwọn Híńdù yòókù, ṣùgbọ́n a ó ya àga 148 sọ́tọ̀ fún wọn nínú àwọn ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ẹkùn gbogbo. Bí a bá sì ya àga sọ́tọ̀ fún àwọn kan, a gbọ́dọ̀ mọ ẹni tí wọ́n jẹ́. Nítorí náà ní 1936 ìjọba kọ orúkọ àwọn ìsọ̀rí náà sínú ìwé kan, ẹkùn dé ẹkùn, a sì ń pè wọ́n ní Ìsọ̀rí Inú Àkọsílẹ̀ láti ìgbà náà. Nígbà tí Íńdíà di orílẹ̀-èdè olómìnira, Ambedkar ni alága ìgbìmọ̀ tí ó kọ àbá ìwé òfin ìpìlẹ̀ rẹ̀, èyí tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ 26 oṣù kìíní 1950. Ìwé náà fi òpin sí àìfọwọ́kàn, ó sì pa àkọsílẹ̀ mọ́: ọ̀kan fún àwọn ìsọ̀rí tí a ti ń tẹ̀ mọ́lẹ̀, èkejì fún àwọn ẹ̀yà tí ń gbé orí òkè àti inú igbó. Ìyà ọjọ́ pípẹ́ ni a fẹ́ ṣe àtúnṣe rẹ̀. Nítorí náà a ya àga ìgbìmọ̀, iṣẹ́ ìjọba àti àyè ilé-ìwé gíga sọ́tọ̀ fún wọn. Nígbà tí a ka ènìyàn ní 2011, àwọn Ìsọ̀rí Inú Àkọsílẹ̀ tó nǹkan bí mílíọ̀nù 201, àwọn Ẹ̀yà Inú Àkọsílẹ̀ sì tó mílíọ̀nù 104.

Ẹ wo bí ayé ti yí. Ní ayé Manu, kò sí ọmọ tí yóò dìídì wá orúkọ ìsàlẹ̀ fún ara rẹ̀. Bí ó bá lè fi í pamọ́, yóò fi í pamọ́. Lẹ́yìn 1950, ọmọ bẹ̀rẹ̀ sí í dúró níwájú òṣìṣẹ́ ìjọba, ó ń wí pé, “Ara àwọn tí a tẹ̀ mọ́lẹ̀ ni mí, ẹ fún mi ní ìwé-ẹ̀rí.” Òṣìṣẹ́ a sì máa fura. Ẹ má ṣe rò pé ìfura náà kò nídìí, nítorí àwọn tí kò jìyà rí ti gba ìwé-ẹ̀rí èké láti fi gba àyè ọmọ tálákà ní ilé-ìwé ìṣègùn. Irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ kan láti Maharashtra ni ó mú kí Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ pàṣẹ ní 1994 pé kí ìgbìmọ̀ kan wà ní ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan tí yóò máa yẹ ìwé-ẹ̀rí ìsọ̀rí wò. Síbẹ̀ orí bíbẹ́ kọ́ ni oògùn orí fífọ́. Ọmọ tí òbí rẹ̀ kan wà nínú àkọsílẹ̀ tí èkejì kò sì sí níbẹ̀ kì í ṣe òpùrọ́; ìwé òfin ìpìlẹ̀ ni kò sọ ọ̀rọ̀ kan nípa rẹ̀.

Ohun tí ó mú kí èyí yà mí lẹ́nu ni pé Ambedkar fúnra rẹ̀ ti rí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ lọ́kàn. Ìsọ̀rí Mahar, tí í ṣe aláìfọwọ́kàn, ni a bí i sí ní 1891. Ní 1936, ó kọ ọ̀rọ̀ kan tí ẹgbẹ́ kan ní Lahore pè é láti wá sọ. Nígbà tí wọ́n ka ohun tí ó kọ, ẹ̀rù bà wọ́n, wọ́n sì fagi lé ìpàdé náà. Ó tẹ̀ ẹ́ jáde fúnra rẹ̀. Nínú ìwé yìí ó sọ pé jíjẹun pọ̀ nìkan kò tó. Ìgbéyàwó láàárín ìsọ̀rí sí ìsọ̀rí ni oògùn gidi, nítorí kìkì ìdàpọ̀ ẹ̀jẹ̀ ni ó lè mú kí ènìyàn mọ ara wọn ní ìbátan. Ní oṣù kẹrin 1948, tí ìyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́ ti kú, ó gbé dókítà obìnrin kan tí í ṣe Brahmin ní ìyàwó. Wọn kò bímọ. Bí wọ́n bá ti bímọ ni, òfin kì bá tí ní ìyọnu kankan: Mahar ni baba, Mahar ni ọmọ. Ṣùgbọ́n ẹ yí i padà, kí ìyá jẹ́ Mahar kí baba sì jẹ́ Brahmin, ọmọ náà ì bá dúró pẹ́ ní ẹnu ọ̀nà ọ́fíìsì. Oògùn tí Ambedkar kọ fún àìsàn ilẹ̀ rẹ̀ ni ó bí àwọn ọmọ tí òfin kò mọ ibi tí yóò kọ orúkọ wọn sí.

Ìdáhùn kan ti àríwá-ìlà-oòrùn wá ní kíákíá. Ní orí àwọn òkè Khasi, níbi tí Thomas Jones, míṣọ́nnárì ará Wales, ti dé ní 1841 tí ó sì kọ́kọ́ fi lẹ́tà ABD ti ilẹ̀ wọn kọ èdè Khasi, ìdílé ìyá ni ọmọ ń jẹ́. Láti ara obìnrin ni agbo-ilé ti wá, àbígbẹ̀yìn ọmọbìnrin ni ó sì ń jogún ilé. Wilson Reade jẹ́ ọmọ obìnrin Khasi àti baba Òyìnbó. Nígbà tí ó fẹ́ du àga tí a yà sọ́tọ̀ fún Ẹ̀yà Inú Àkọsílẹ̀, a bi í léèrè bí ọmọ Òyìnbó ti ṣe lè jẹ́ Khasi. Ilé-Ẹjọ́ Gíga ti Assam dá ẹjọ́ náà ní 1958. Àwọn adájọ́ kò fi òṣùwọ̀n wọn ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Wọ́n bèèrè bí àwọn Khasi ti ń ṣe sí i. Níwọ̀n ìgbà tí àṣà wọn ti gbà á, tí wọ́n sì kà á mọ́ ara wọn, Khasi ni. Lójú tèmi, kò sí ọgbọ́n tí a dá lórí ọ̀ràn yìí fún ọdún 50 tó tẹ̀lé e tí ó ju èyí lọ. Ní 1975, ìjọba àpapọ̀ kọ ìwé sí àwọn ìpínlẹ̀ ní irú ọ̀nà kan náà, pé kí wọ́n yẹ ọ̀ràn kọ̀ọ̀kan wò, bóyá àwọn ènìyàn ìsọ̀rí náà gba ọmọ náà mọ́ra tí ó sì dàgbà láàárín wọn.

Ṣùgbọ́n ọgbọ́n òkè Khasi kò tètè sọ̀ kalẹ̀ sí pẹ̀tẹ́lẹ̀. Ní pẹ̀tẹ́lẹ̀, baba ni ó ni ọmọ.

Ẹjọ́ tí ó ti ilẹ̀kùn náà kì í tilẹ̀ ṣe ti ọmọ, bí kò ṣe ti ìyàwó, inú ìjọ Ọlọ́run ni ó sì ti jáde. Ní Kerala, àwọn Síríánì Kátólíìkì wà, tí wọ́n ń tọ́ ìpìlẹ̀ ìjọ wọn dé ọ̀dọ̀ Tọ́másì mímọ́, tí a sì ń kà sí ẹni iyì. Àwọn Látìnì Kátólíìkì sì wà, tí ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ ọmọ apẹja tí a ti rì bọmi ní ayé àwọn Potogí. Ìgbàgbọ́ kan, Póòpù kan. Síbẹ̀ ìjọba ka àwọn apẹja náà mọ́ àwọn tí ó rẹ̀yìn. Obìnrin amòfin kan tí í ṣe Síríánì fẹ́ ọkọ Látìnì, ó sì béèrè fún iṣẹ́ olùkọ́ tí a yà sọ́tọ̀ fún àwọn Látìnì ní yunifásítì Cochin. Ní oṣù kìíní 1996, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ dá a lóhùn pé lóòótọ́ ni ó ti di ara ilé ọkọ rẹ̀, ṣùgbọ́n níwọ̀n ìgbà tí kò jẹ nínú ìyà tí àwọn ènìyàn ọkọ rẹ̀ jẹ láti kékeré, kò lè jẹ nínú àtúnṣe rẹ̀. Ìdájọ́ yìí tọ́ lójú mi. Ìyà tí ènìyàn jẹ ni ó fi ṣe òṣùwọ̀n. Ohun tí ó ṣeni láàánú ni pé nígbà tí ọ̀ràn ọmọ dé, a gbàgbé òṣùwọ̀n náà, a sì mú apá ibi tí ó ti sọ pé ilé ọkọ ni ìyàwó ń wọ̀. Bí ìyàwó bá ti wọ ilé ọkọ, ọmọ rẹ̀ ńkọ́?

Ní 2003, wọ́n gba àga lọ́wọ́ Dinesh Chaudhary, aṣòfin kan ní Bihar. Baba rẹ̀ jẹ́ Kurmi, tí kò sí nínú àkọsílẹ̀. Ó ní ìyá òun jẹ́ Pasi, tí ó wà nínú rẹ̀. Ilé-ẹjọ́ kò gba ẹ̀rí tí ó mú wá nípa ìyá náà gbọ́, ọ̀kan nínú àwọn adájọ́ sì fi kún un pé láti ọ̀dọ̀ baba ni ìsọ̀rí ti ń wá. Ní 2005, ó kan Sobha Hymavathi Devi ní Andhra Pradesh. Ìyá rẹ̀ jẹ́ ẹ̀yà Bhagatha, baba rẹ̀ sì jẹ́ Sistu Karnam tí í ṣe ìsọ̀rí òkè. Ó tilẹ̀ jà pé ìgbéyàwó baba àti ìyá òun kò fẹsẹ̀ múlẹ̀ lábẹ́ òfin, kí a lè ka òun mọ́ ìyá òun nìkan. Kò ṣiṣẹ́ fún un. Ẹ rò ó wò, ìtìjú tí ó wà nínú kí ọmọ dúró ní gbangba kóòtù láti sọ pé òbí òun kò fẹ́ ara wọn ní tòótọ́. Àwa a máa wí pé a kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba ẹni. Ibi tí òfin bá ti gbé ilé ìyá sọnù, ọmọ a máa júwe ilé baba bẹ́ẹ̀.

Ti 2006 le jù wọ́n lọ. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan yege ìdánwò iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀. Ìyá rẹ̀ jẹ́ Oraon, ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀yà ńlá inú igbó àárín Íńdíà. Baba rẹ̀ jẹ́ Kayastha, ìsọ̀rí àwọn akọ̀wé, láti Gaya ní Bihar. Ilé-ẹjọ́ rí i pé ilé baba ni ó dàgbà sí, pé àlejò ni ó máa ń ṣe ní abúlé ìyá rẹ̀, wọ́n sì kọ̀ ọ́. Ní ti ọ̀dọ́mọkùnrin yìí nìkan, n kò lè sọ pé wọ́n ṣì í dá. Àṣìṣe náà wà nínú bí a ti lo ìdájọ́ náà lẹ́yìn ìgbà náà. Àwọn òṣìṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́ka sí i fún gbogbo ọmọ tí baba rẹ̀ bá ti ìsọ̀rí òkè wá, wọn kò sì bèèrè mọ́ bóyá ilé baba ni ó gbé, tàbí bóyá baba náà tilẹ̀ jẹ́ kí ó wọ ilé.

Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀ràn wà títí tí ọkùnrin kan fi dìde ní Gujarat. Ìjọba Íńdíà a máa fi ìrẹsì àti àlìkámà fún ṣọ́ọ̀bù kan ní àdúgbò láti tà fún tálákà ní owó pọ́ọ́kú. Irú ṣọ́ọ̀bù bẹ́ẹ̀ ni ọkùnrin yìí gbà, gẹ́gẹ́ bí ọmọ ẹ̀yà Nayak tí ó wà nínú àkọsílẹ̀. Ìyá rẹ̀ jẹ́ Nayak lóòótọ́. Baba rẹ̀ jẹ́ Kshatriya. A fagi lé ìwé-ẹ̀rí rẹ̀, ṣọ́ọ̀bù sì tẹ̀lé e lọ. Kò sí ẹni tí ó bi í léèrè ibi tí ó gbé dàgbà. Kshatriya ni baba, ó parí. Ẹ kíyèsí i pé kì í ṣe àga aṣòfin ni ọkùnrin yìí ń jà fún, àpò ìrẹsì ni.

Ìdájọ́ Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ jáde ní ọjọ́ 18 oṣù kìíní 2012, Adájọ́ Aftab Alam ni ó sì kọ ọ́. Ó mú gbogbo ẹjọ́ tí mo ti sọ láti 1996, ó tú wọn wò lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì fi hàn pé wọn kò sọ ohun tí àwọn òṣìṣẹ́ fi wọ́n sọ. Ohun tí ó fi lélẹ̀ nìyí. A lè kọ́kọ́ gbà pé ìsọ̀rí baba ni ti ọmọ, pàápàá bí baba bá jẹ́ ti ìsọ̀rí òkè. Ṣùgbọ́n ìlẹ̀kùn kò tì. Ọmọ lè mú ẹ̀rí wá pé ìyá tí ó jẹ́ ti àkọsílẹ̀ ni ó tọ́ òun. Pé jíjẹ́ ọmọ baba bẹ́ẹ̀ kò fún òun ní àǹfààní kankan ní ìbẹ̀rẹ̀ ayé. Pé òun jẹ nínú àìní, ìtìjú àti ìwọ̀sí tí àwọn ènìyàn ìyá òun ń jẹ. Pé wọ́n sì ka òun mọ́ ara wọn, bẹ́ẹ̀ náà sì ni àwọn ará ìta. Òtítọ́ ìgbé-ayé ọmọ kọ̀ọ̀kan ni a ó yẹ̀ wò. Lẹ́yìn ọdún 54, ọgbọ́n òkè Khasi sọ̀ kalẹ̀ dé pẹ̀tẹ́lẹ̀. Ní ti ọkùnrin onírẹsì, a dá ọ̀ràn rẹ̀ padà sí ìgbìmọ̀ tí ń yẹ ìwé-ẹ̀rí wò, kí wọ́n gbọ́ ẹ̀rí rẹ̀.

Mo yin ìdájọ́ yìí, ṣùgbọ́n mo tún rí i pé òṣùwọ̀n náà kò dọ́gba. Ọmọ tí baba rẹ̀ jẹ́ ti àkọsílẹ̀ kò ní ohun tí yóò fi hàn bí kò ṣe orúkọ baba. Ọmọ tí ìyá rẹ̀ jẹ́ ti àkọsílẹ̀ gbọ́dọ̀ mú ìwọ̀sí rẹ̀ wá sí orí tábìlì. Báwo ni a ti ń fi ìwọ̀sí hàn? Kò sí rìsíìtì fún un. Ta ni yóò jẹ́rìí pé ní ọjọ́ báyìí, a kò jẹ́ kí ọmọ yìí mu omi nínú ife ilé-ìwé? Ẹni tí ó kàn ni ó mọ̀, ìgbìmọ̀ kò sì tíì gbà pé òun ni ó kàn.

Àwọn òǹkàwé wa yóò fẹ́ mọ ipò àwọn Kristẹni nínú ọ̀ràn yìí. Àṣẹ 1950 sọ pé Híńdù nìkan ni a lè kà mọ́ Ìsọ̀rí Inú Àkọsílẹ̀. A fi àwọn Síkì kún un ní 1956, àti àwọn ẹlẹ́sìn Búdà ní 1990. A kò fi Kristẹni kún un, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìrìbọmi kì í mú kí aládùúgbò gbà kí ènìyàn pọn omi nínú kànga rẹ̀, tí àwọn ìjọ mìíràn ní Íńdíà sì ní itẹ́-òkú méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Ní 2015, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ gbọ́ ẹjọ́ ọkùnrin ará Kerala kan tí àwọn baba-ńlá rẹ̀ jẹ́ Pulaya kí wọ́n tó di Kristẹni. Inú ìjọ ni a bí i sí. Ó padà sí ẹ̀sìn Híńdù nígbà tí ó di ọmọ ọdún 24. Wọ́n gbà á ní Pulaya, nítorí pé àwọn Pulaya fúnra wọn gbà á. Òṣùwọ̀n kan náà ni, pé ta ni ó gbà ọ́ mọ́ra. Mo fi í sílẹ̀ fún àwọn olùkọ́ Ilé-Ìwé Ọjọ́ Ìsinmi láti rò ohun tí ó túmọ̀ sí pé ẹni náà ní láti fi ìjọ sílẹ̀ kí òfin tó gbà pé a tẹ àwọn baba rẹ̀ mọ́lẹ̀ rí.

Ọ̀ràn kan kù tí mo gbọ́dọ̀ sọ, nítorí pé òun ni ó fi hàn pé ìdájọ́ 2012 kò tíì parí iṣẹ́. Ní ọjọ́ 17 oṣù kìíní 2016, Rohith Vemula, akẹ́kọ̀ọ́ tí ń ṣe ìwádìí fún oyè dókítà ní Yunifásítì Hyderabad, gba ẹ̀mí ara rẹ̀, lẹ́yìn tí a ti lé òun àti àwọn ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ mẹ́rin kúrò ní ilé àwọn akẹ́kọ̀ọ́. Ariwo ta káàkiri Íńdíà. A pe ẹjọ́ lábẹ́ òfin 1989 tí ó ń dáàbò bo àwọn ènìyàn inú àkọsílẹ̀ lọ́wọ́ ìwà ìkà. Òfin yìí kò sì ṣiṣẹ́ bí ẹni tí a ṣe níkà kò bá sí nínú àkọsílẹ̀. Lójú kan náà, ìbéèrè nípa àwọn tí ó lé e kúrò di ìbéèrè nípa òbí tirẹ̀. Baba rẹ̀ jẹ́ Vaddera, tí kò sí nínú Ìsọ̀rí Inú Àkọsílẹ̀; ìyá rẹ̀ ní Mala ni òun, aláìfọwọ́kàn ti àtijọ́, pé òun ni òun sì dá tọ́ ọmọ náà lẹ́yìn tí òun kúrò lọ́dọ̀ baba rẹ̀. Ní oṣù karùn-ún 2024, àwọn ọlọ́pàá Telangana mú ìwé lọ sí kóòtù láti pa ẹjọ́ náà dé, wọ́n sọ nínú rẹ̀ pé kì í ṣe ti Ìsọ̀rí Inú Àkọsílẹ̀. Nígbà tí àwọn ènìyàn fi ẹ̀hónú hàn, ọ̀gá àgbà wọn sọ pé a ó tún un wádìí. Ọmọ ọdún 26 ni nígbà tí ó kú. Ọdún mẹ́jọ lẹ́yìn náà, a ṣì ń wá ìsọ̀rí rẹ̀.